Eruku Inú Àjà àti Ẹ̀dọ̀fóró Wa

(Ọ̀rọ̀ tí a sọ níbi ìpàdé ọdọọdún ẹgbẹ́ wa ní Ìjẹ̀bú-Òde)



Nígbà tí Ojúde Ọba bá kù sí dẹ̀dẹ̀, ọ̀pọ̀ nínú wa ni í ṣí ilé tí a ti tì pa láti ọjọ́ pípẹ́. Òòbẹ̀ ti gba inú àjà, ìgbẹ́ wọn sì ti gbẹ síbẹ̀. Ọmọdé ni a sì máa ń rán pé kí ó lọ gbá a. Eruku yìí lè dá àìsàn sílẹ̀ nínú ẹ̀dọ̀fóró.

Histoplasmosis ni orúkọ àìsàn náà. Ohun tí ó ń fà á jẹ́ ìbátan èyí tí í mú kí búrẹ́dì bu. Inú ilẹ̀ tí ìgbẹ́ àdán tàbí ti ẹyẹ pò mọ́ ni ó ń gbé; bí a bá ru ú sókè, a ó fà á símú. Ní ọdún 1994, Ọ̀jọ̀gbọ́n Gugnani àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ jábọ̀ pé àwọn rí irú rẹ̀ tí ó jẹ́ ti ilẹ̀ Áfíríkà nínú ihò àdán ní Ogbunike, ní ìpínlẹ̀ Anambra. Ní ọdún 2018, Dókítà Rita Oladele àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ gbé àbájáde tiwọn jáde: nínú ènìyàn 735 tí a fi abẹ́rẹ́ dán awọ ara wọn wò ní Nàìjíríà, ara àwọn 32 fi hàn pé ó ti wọ̀ wọ́n rí.

Kì í ṣe gbogbo ẹni tí ó fà á símú ni í ṣàìsàn. Ṣùgbọ́n ewu rẹ̀ pọ̀ fún ẹni tí agbára ara rẹ̀ ti dínkù, pàápàá ẹni tí ó ní kòkòrò HIV. Ikọ́, ibà àti rírù ni àmì rẹ̀. Nítorí náà ni a ṣe máa ń ṣì í pè ní ikọ́ ife. Oògùn ikọ́ ife kì í wò ó sàn, bẹ́ẹ̀ ni ó ní oògùn tirẹ̀. Kì í ràn láti ara ẹnì kan sí ara ẹlòmíràn. Kí a má ṣe sá fún aláìsàn.

Ẹ̀yin ará wa ní òkè òkun, àrùn yìí lè fara pamọ́ fún ọdún púpọ̀. Bí ikọ́ kan bá kọ̀ tí kò lọ, ẹ sọ fún dókítà yín pé Nàìjíríà ni ẹ ti wá, kí ó lè yẹ̀ ẹ́ wò.

Àwọn ìyá wa kì í gbálẹ̀ gbígbẹ láìwọ́n omi. Ẹ jẹ́ kí a di àṣà náà mú. Kí a rin ìgbẹ́ àdán dáadáa kí a tó kó o. Kí ẹni tí yóò kó o lo ìbòmú tí ó lẹ̀ mọ́ ojú, nítorí aṣọ lásán kò tó. Kí àwọn ọmọdé sì jáde kúrò nínú ilé.

Kí Ọlọ́run jẹ́ kí a máa fi ayọ̀ wọ ilé baba wa. Àṣẹ.