Ọkọ̀ Akóyanrìn Tí Òfin Gbẹ́sẹ̀ Lé

Ẹ̀yin ará Ìkòyí-Ilé, yanrìn odò kì í ṣe ohun tí a kàn ń wa tà. Òfin ohun àlùmọ́ọ́nì Nàìjíríà ti 2007 ní kí a gba ìwé àṣẹ.

Ní ilẹ̀ Íńdíà, ọlọ́pàá a máa gbẹ́sẹ̀ lé ọkọ̀ tí ó bá kó o láìgbàṣẹ. Ọkọ̀ a sì máa dógùn-ún ní àgọ́ wọn. Gbèsè tí a fi rà á kò dúró de ẹjọ́. Ní 2002, ilé-ẹjọ́ tí ó ga jùlọ níbẹ̀ pàṣẹ, nínú ẹjọ́ tí kì í ṣe ti yanrìn, pé kí a ya àwòrán irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀, kí ọlọ́kọ̀ tọwọ́ bọ̀wé, kí ó mú onídùúró wá, kí ó sì gbà á. Ìdáláre kọ́ o! Bí adájọ́ bá bèèrè rẹ̀, dandan ni kí ó gbé e wá. Ní 2014, ilé-ẹjọ́ kan náà ní ẹni tí ó bá jí yanrìn odò kó lè jẹ́jọ́ olè pẹ̀lú.