Kí Aṣáájú Kọ́kọ́ Kó Ara Rẹ̀ Ní Ìjánu

Ẹ̀yin ará Òkè-Ìléwó, ẹ̀yin olórí ọjà àti ọ̀gá iléeṣẹ́, àwọn àgbà ní ẹni tí yóò dá ni láṣọ, ti ọrùn rẹ̀ ni à á wò. Ẹni tí kò lè pàṣẹ fún ara rẹ̀, àṣẹ rẹ̀ lórí ẹlòmíràn kò lè rinlẹ̀.

Ẹ wo Olóyè Fúnmiláyọ̀ Ransome-Kuti, ọmọ Abẹ́òkúta, tí a bí ní 1900. Ó kàwé dé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ṣùgbọ́n nígbà tí ó ń ṣáájú àwọn obìnrin ọjà Ẹ̀gbá, ó fi aṣọ òyìnbó sílẹ̀, ó ń ró ìró bí tiwọn. Yorùbá ni ó sì ń sọ, àní níwájú àwọn aláṣẹ òyìnbó pàápàá. Kò sí ẹni tí ó fi ipá mú un. Òun ni ó kó ara rẹ̀ ní ìjánu.

Nígbà tí ó pè wọ́n ní 1947 láti tako owó-orí àwọn obìnrin, ẹgbẹẹgbẹ̀rún wọn jáde. Wọn kò jáwọ́ títí a fi dá owó-orí náà dúró, tí Aláké Ládàpọ̀ Adémọ́lá sì fi ìtẹ́ sílẹ̀ ní 1949, kí ó tó padà dé ní 1950.

Iṣẹ́ ojoojúmọ́ ni èyí. Kí ọ̀gá tí ó fẹ́ kí àwọn òṣìṣẹ́ tètè dé ṣáájú wọn dé. Kí olórí ẹgbẹ́ tí ń béèrè owó ìdá kọ́kọ́ san tirẹ̀. Kí ẹni tí ń bá ọmọ wí nítorí ìbínú kọ́kọ́ pa ìbínú tirẹ̀ mọ́ra. Olórí tí ó bá kápá ara rẹ̀, àwọn ènìyàn yóò tẹ̀ lé e.