Òṣùpá Kékeré Tí Wọ́n Fi Ṣe Ẹlẹ́yà

Ní ọjọ́ 4 oṣù Ọ́kítóbà, 1957, Rọ́ṣíà rán Sputnik, òṣùpá àtọwọ́dá àkọ́kọ́, lọ sí ojú sánmà. Ìwọ̀n rẹ̀ ju kílò 80 lọ. Ní Dìsẹ́ḿbà, rọ́kẹ́ẹ̀tì Vanguard ti Amẹ́ríkà kò tíì ga kúrò nílẹ̀ tó ìdúró ènìyàn kí ó tó wó lulẹ̀, tí iná sì sọ. Ìtìjú ńlá ni.

Ní ọjọ́ 17 oṣù Máàṣì, 1958, òmíràn gbé bọ́ọ̀lù tí kò tó kílò 2 gòkè. Khrushchev, olórí Rọ́ṣíà, fi í ṣe ẹlẹ́yà pé ọsàn lásán ni. Bẹ́ẹ̀ Sputnik ti jóná ní Jánúárì, nítorí ọ̀nà rẹ̀ rẹlẹ̀, afẹ́fẹ́ ayé sì ń fà á sẹ́yìn. Ọ̀nà Vanguard ga ju kìlómítà 600 lọ. Ohùn rẹ̀ dákẹ́ ní 1964, ṣùgbọ́n ọsàn Khrushchev ṣì ń yí ayé po títí di òní.