Àwòrán Sinimá àti Ìtàn Agboolé Wa

(Ọ̀rọ̀ tí a sọ níbi ìpàdé ọdọọdún ẹgbẹ́ wa)



Ẹ ní kí a sọ̀rọ̀ lórí iṣẹ́ àwọn tí ń fi sinimá wádìí ìgbé-ayé ènìyàn, àwọn tí ń gbé ẹ̀rọ wọ àdúgbò láti ya ohun tí ó ń ṣẹlẹ̀ gan-an. Iṣẹ́ náà kì í ṣe àjèjì sí wa. Ní 1924 ni àjàkálẹ̀ àrùn tí eku ń kó ran ènìyàn bẹ́ sílẹ̀ ní Èkó. Òyìnbó wolé-wolé kan, William Sellers, ya sinimá nípa bí a ti ń gbógun ti eku àti àrùn náà. Nígbà tí ó di 1939, òun ni ìjọba Gẹ̀ẹ́sì fi ṣe olórí ilé-iṣẹ́ sinimá tí wọ́n dá sílẹ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù fún àwọn ilẹ̀ tí wọ́n ń ṣàkóso. Iṣẹ́ rẹ̀ wúlò, a kò ní purọ́. Ṣùgbọ́n èrò rẹ̀ ni pé sinimá ènìyàn dúdú gbọ́dọ̀ máa falẹ̀, láìsí ọgbọ́n-ẹ̀wẹ́ kankan, kí ó tó lè yé wa. Bẹ́ẹ̀ ni àwọn bàbá wa ti ń wo sinimá ní Gbọ̀ngán Glover láti 1903!

Nítorí àrùn yìí kan náà ni ìjọba ṣe dá àjọ LEDB sílẹ̀ ní 1928. Ní 1955, àjọ náà gbé ètò kalẹ̀ láti wó ilé lórí nǹkan bí 70 éékà ní àárín Èkó. Wọ́n kó ọ̀pọ̀ ìdílé lọ sí Sùúrùlérè, agboolé fọ́nká, àwọn ìyá tí ń tajà sì pàdánù àwọn oníbàárà wọn. Peter Marris, òyìnbó kan, ni ó wá bi wọ́n léèrè ọ̀rọ̀. Ó tẹ ìwé rẹ̀ jáde ní 1961. A dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Àmọ́ ìwé kò lè gbé ohùn àwọn ìyá náà dé etí wa.

Lóde òní, àwọn ọmọ wa ti gba ẹ̀rọ náà sọ́wọ́. Femi Odugbemi, tí a bí ní 1963, kọ́ iṣẹ́ yìí ní Montana ní Amẹ́ríkà, ó sì padà wálé. Ní 2009 ó ṣe Bariga Boy, lórí Ṣẹ́gun Adéfilà, òṣèré àti oníjó. Lẹ́yìn náà ó gbé ẹ̀rọ lọ sí Mákòókò láàárín àwọn tí ń gbé orí omi. Òun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ni wọ́n dá àjọ̀dún iREP sílẹ̀ fún irú sinimá bẹ́ẹ̀. Freedom Park ní Broad Street ni wọ́n ti ń ṣe é, nínú ọgbà ẹ̀wọ̀n àtijọ́ tí gbogbo wa mọ̀.

Mákòókò ti rí ẹni ya tirẹ̀. Tiwa ńkọ́? Ẹni tí ó jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́wàá ní 1955 ti tó ẹni ọgọ́rin ọdún. A ń bẹ̀bẹ̀ kí ẹgbẹ́ ya owó díẹ̀ sọ́tọ̀ ní ọdún yìí, kí a fi gba ọmọ àdúgbò kan tí ó mọ iṣẹ́ náà, kí ó lọ jókòó ti àwọn àgbà wa. Kí ẹ̀yin tí ẹ wà ní òkè òkun sì wo inú àpótí yín: bí àwòrán agboolé àtijọ́ kan bá wà níbẹ̀, ẹ fi ẹ̀dà rẹ̀ ránṣẹ́ sí akọ̀wé kí ìpàdé tí ń bọ̀ tó pé.