Kí Ìyà Tó Dé

[Ìró: ìlù, ẹnì kan ń pọfọ̀. Ó rọlẹ̀.]

ATÓKÙN: Yàrá ṣókùnkùn. Aṣọ pupa lára ògiri, igbá kan nílẹ̀. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan kúnlẹ̀, ó ń gbọ̀n. Ká tó ṣẹ́jú, owó ti kún ilẹ̀. Ọmọ tó jókòó sórí ẹní níwájú tẹlifíṣọ̀n fọwọ́ bojú, ṣùgbọ́n ó la àárín ìka, ó ń yọjú wò ó.

Kenneth Nnebue, tó ti ń náwó sí fíìmù Yorùbá tẹ́lẹ̀, ló gbé fíìmù Living in Bondage jáde lédè Ìgbò ní 1992. Nínú rẹ̀, Andy fi Merit, ìyàwó rẹ̀, ṣoògùn owó. Ó sì lówó. Ìgbà tó yá ni òkú Merit ń yọ sí i, tórí rẹ̀ fi dàrú. Fíìmù Yorùbá náà ò kẹ̀rẹ̀ nínú irú ìtàn yìí. Ẹ bá àwọn tó ń ṣe é wí, wọ́n á ní: "Ẹ ò wo ìparí ni? Ṣebí ó jìyà!"

Ó jìyà lóòótọ́. Àmọ́ ẹ jẹ́ ká dé Yunifásítì Stanford, l'Amẹ́ríkà. Ibẹ̀ ni Albert Bandura, onímọ̀ nípa ìrònú ẹ̀dá, ti ṣe ìwádìí kan tó tẹ̀ jáde ní 1965. Ó fi fíìmù kékeré han ọmọ jéléósinmi 66: ọkùnrin kan ń fi òòlù gbá ọmọláńgidi onírọ́bà lórí. Àwọn ọmọ kan rí i tí wọ́n fún un ní súùtì àti mínírà. Àwọn kan rí i tí wọ́n ká ìwé ìròyìn, tí wọ́n fi nà án. Àwọn tó kù ò rí oore, wọn ò rí ẹgba.

Àwọn tó rí ẹgba ò fi bẹ́ẹ̀ ṣe bíi tirẹ̀. Ṣùgbọ́n àwọn olùwádìí wá ṣèlérí ohun mímu eléso àti àwòrán alẹ̀mọ́ fún ẹni tó bá ṣe ohun tó rí. Kíá, ìyàtọ̀ àárín àwọn ọmọ náà ti pòórá. Gbogbo ẹ̀ ti wà nínú wọn látìgbà yẹn. Ẹ̀rù ẹgba ni ò jẹ́ kí wọ́n fi hàn.

Ọmọláńgidi kì í ṣe ènìyàn, mo gbà. Fíìmù nìkan ò sì lè sọni di apànìyàn.

Síbẹ̀, ní 2024, àjọ tó ń yẹ fíìmù wò ní Nàìjíríà kéde òfin lòdì sí gbígbé oògùn owó lárugẹ. Olóòtú fíìmù á ní òun ò gbé e lárugẹ, òun bú u ni. Ó dáa, ẹ fi aago wọn fíìmù náà. Ọkọ̀ bọ̀gìnnì, ilé alájà, òde ìnáwó, ẹ̀rín àwọn ọ̀rẹ́: ó fẹ́rẹ̀ẹ́ gba fíìmù tán. Ìgbà tí olówó náà yóò fi ya wèrè, tí yóò máa fa aṣọ rẹ̀ ya láàárín ọjà, ọmọ orí ẹní ti sùn lọ.

[Ìró: tẹlifíṣọ̀n ń hó.]