Orúkọ Ẹ̀yìn Odi

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní orúkọ tí ó bá wu ni ni à ń jẹ́ lẹ́yìn odi. Ṣùgbọ́n bí ẹni tí ń jẹ́ orúkọ ẹ̀yìn odi bá gbàgbé orúkọ ilé ńkọ́, tí ó sì wá bímọ sábẹ́ orúkọ àlejò náà? Ìbéèrè yìí ni ó wà nídìí sinimá The Long Kiss Goodnight, tí ó jáde ní Amẹ́ríkà ní 1996. Renny Harlin, ọmọ ilẹ̀ Finland, ni ó darí rẹ̀. Shane Black ni ó kọ ìtàn rẹ̀. Mílíọ̀nù 4 dọ́là ni wọ́n san fún un, iye tí ẹnikẹ́ni kò tíì gbà rí nígbà náà lórí irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀. Ariwo ìbọn inú rẹ̀ pọ̀ ju bí ó ti yẹ lọ, èyí kò ṣe é jiyàn. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá dúró síbi ìbọn nìkan kò tíì wo eré náà.

Olùkọ́ ni Samantha Caine, tí Geena Davis ṣe, ní Honesdale, ìlú kékeré kan ní Pennsylvania. Ọdún mẹ́jọ ṣáájú ni wọ́n rí i létí òkun pẹ̀lú oyún nínú. Kò mọ ibi tí ó ti wá, kò sì mọ ẹni tí ó fún un lóyún. Ó bí Caitlin, ó ń tọ́ ọ. Ohun tí kò mọ̀ ni pé Charly Baltimore ni òun í ṣe, aṣekúpani tí àjọ amí CIA kọ́ níṣẹ́, àti pé Samantha jẹ́ ẹ̀wù tí ó gbé wọ̀ kí ọ̀tá má baà dá a mọ̀.

Ọwọ́ rẹ̀ ni ó kọ́kọ́ tú àṣírí. Ní ọjọ́ kan tí ó ń gé kárọ́ọ̀tì, ọ̀bẹ bẹ̀rẹ̀ sí í sáré lọ́wọ́ rẹ̀ bí iṣẹ́ òkúnrun. Inú rẹ̀ dùn, ó rò pé alásè ni òun tẹ́lẹ̀ rí. Èyí pani lẹ́rìn-ín. Èyí tí ó tẹ̀ lé e kò pani lẹ́rìn-ín rárá. Ó mú ọmọ lọ sórí yìnyín láti kọ́ ọ bí a ti ń fi bàtà onírin yọ̀. Ọmọ ṣubú, ó ń sunkún pé ọwọ́ ń dun òun. Ojú ìyá yí padà. Ó pàṣẹ fún un kí ó dìde, kí ó lọ dé èbúté. Ó ní ìrora ni ayé, kí ó yáa jẹ́ kí ó mọ́ ọn lára. Ọmọ náà dìde, ó lọ. Ọrùn ọwọ́ rẹ̀ ti ṣẹ́.

Nígbà tí ọ̀tá àtijọ́ kan dé ilé rẹ̀, tí ó sì fi ọwọ́ lásán pa á, Samantha bá Mitch Henessey, ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ tí Samuel L. Jackson ṣe, jáde lọ wá ara rẹ̀. Àwọn tí ó ti ka ìwé Kọ́lá Akínlàdé mọ̀ pé ọ̀daràn ni ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ ń wá. Níhìn-ín, ẹni tí ó bẹ̀ ẹ́ níṣẹ́ gan-an ni wọ́n ń wá. Inú omi dídì tí àwọn ọ̀tá ti ń dá a lóró ni iyè rẹ̀ ti sọ. Ó gé irun, ó pa á láró, ó sì sọ gbangba pé Samantha ni ó bí ọmọ, kì í ṣe òun. Ibí yìí ni ìfìwàwẹ̀dá eré náà ti gbóná jù, nítorí pé òǹkọ̀wé kò yára dárí jì í.

Lẹ́yìn náà ni Timothy jí Caitlin gbé. Òun ni bàbá ọmọ náà láìmọ̀. Nígbà tí ó sì mọ̀, kò yí ọkàn padà. Àwọn ọ̀gá amí kan ti bá a dìtẹ̀ láti mú bọ́ǹbù bú ní Niagara, kí wọ́n sì dì í ru àwọn Mùsùlùmí, kí ìjọba lè fi kún owó àjọ wọn. Ọ̀ràn yìí wúwo ju bí eré náà ti gbé e lọ.

Ẹni tí ó bá mọ ìtàn Mọ́remí yóò rántí rẹ̀ níhìn-ín. Òun náà ṣe amí: ó jẹ́ kí wọ́n mú òun lẹ́rú kí ó lè mọ àṣírí àwọn tí ń kó Ifẹ̀ lẹ́rù, Olúorogbo ọmọ rẹ̀ sì ni ó fi san ẹ̀jẹ́. Ṣùgbọ́n gbogbo Ifẹ̀ ni ó di ọmọ fún un. Àjọ tí Charly sìn kò di ohunkóhun fún un. Òun gan-an ni ó fẹ́ gba ọmọ lọ́wọ́ rẹ̀.

Nínú The Mother ti 2023, Jennifer Lopez tún ṣe irú ìyá bẹ́ẹ̀. Ìyá yẹn mọ ẹni tí òun jẹ́ láti ìbẹ̀rẹ̀. Ti Charly le jù. Lórí afárá Niagara ó wó lulẹ̀, ẹ̀jẹ̀ bò ó. Caitlin dúró lé e lórí, ó ń pariwo pé kí ó dìde, kí ó yé ṣe bí ọmọ ọwọ́, pé ìrora ni ayé. Ìyá rẹ̀ gbọ́ ohùn ara rẹ̀ láti orí yìnyín, ó sì dìde.