Kọ̀ǹpútà Aláìní Díìsìkì: Níbo ni Ó Dúró Sí?



Láti ọdún 2015 ni gbogbo ìdánwò àṣewọlé Yunifásítì tí àjọ JAMB ń ṣe ti di ti orí kọ̀ǹpútà. Bí ẹ̀rọ iwájú ọmọ kan ní Òmù-Àrán bá kọ̀ tí kò jí, ọdún kan lè bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. A lè fi kọ̀ǹpútà tí kò ní díìsìkì kún gbọ̀ngàn ìdánwò kí ìnáwó má baà pọ̀. Inú kọ̀ǹpútà ńlá kan ṣoṣo ni ohun tí gbogbo wọn yóò fi jí wà, gẹ́gẹ́ bí àwọn ère òkúta Èsìẹ́ ti wà nínú ilé ìṣẹ̀ǹbáyé tí a ṣí ní 1945: ẹni tí ó bá fẹ́ rí wọn, ibẹ̀ ni yóò lọ.

Ìrìn mẹ́ta ni ẹ̀rọ náà ń rìn. Ó kọ́kọ́ bèèrè àdírẹ́sì nípa DHCP. Ó fi TFTP gbé fáìlì tí yóò fi bẹ̀rẹ̀. Lẹ́yìn náà ni ó ń ka àwọn fáìlì yòókù nípa NFS. Bí kò bá rí àdírẹ́sì, ẹ wo okùn àti DHCP. Bí ó bá rí i tí kò rí fáìlì, ẹ yẹ orúkọ fáìlì náà wò. Bí ó bá bẹ̀rẹ̀ tí ó wá dákẹ́, ẹ wò ó bóyá NFS gbà á láàyè.

Ìfàsẹ́yìn ńkọ́? Ìdúró ni ó sábà máa ń fà á, kì í ṣe ẹrù. Ẹ̀rọ switch tí ó so àwọn okùn pọ̀ lè sé ojú ihò kan fún ìṣẹ́jú-àáyá 30, kí ó lè mọ̀ dájú pé okùn kò yípo padà sí ara rẹ̀. Kí ó tó ṣí i, ó ti sú kọ̀ǹpútà. Ẹ pàṣẹ fún un kí ó ṣí ihò tí ó lọ sí kọ̀ǹpútà lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. TFTP pẹ̀lú dà bí ẹni tí ń kó iṣu ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, tí ó ń dúró gba "o ṣeun" kí ó tó padà sí abà: báìtì 512 ni ó ń gbé lẹ́ẹ̀kan. Fáìlì mẹ́gábáìtì 10 yóò gbà á ní ìrìn bí 20,000. Ìlànà tí a tẹ̀ jáde ní 1998 gbà pé kí ẹrù náà tóbi sí i. Bí a bá sọ ọ́ di 1,024, ìrìn náà di ìdajì.

Bí iná bá lọ tí ó sì dé, gbogbo ẹ̀rọ yóò ké pe kọ̀ǹpútà ńlá lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹ jẹ́ kí èyíinì kọ́kọ́ jí, kí ẹ tó tan àwọn tí ó kù ní ìlà-ìlà.

Ẹni tí ó bá sáré ra kọ̀ǹpútà tuntun láìka ìdúró wọ̀nyí, ẹ̀tẹ̀ ni ó fi sílẹ̀ tí ó ń pa làpálàpá. Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ bi ẹ̀rọ léèrè pé: níbo ni o dúró sí?